Ọyún inú ikùn lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ àpẹ́ńdíìsì: ìdí tí oògùn nìkan kì í fi í tó

Láti ìgbà tí Àjọ Ìlera Àgbáyé ti kéde ní oṣù kẹwàá ọdún 2025 pé nínú àkóràn bakitéríà mẹ́fà tí ilé àyẹ̀wò fìdí rẹ̀ múlẹ̀ ní 2023, ọ̀kan kò gbọ́ oògùn mọ́, ọ̀pọ̀ ènìyàn ti gbà pé kòkòrò tó ti mọ oògùn lójú ló wà nídìí gbogbo àkóràn tí kò lọ. Bẹ́ẹ̀ kọ́ ló rí fún ọyún tó máa ń kó jọ sínú ikùn lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ àpẹ́ńdíìsì.

Bí àpẹ́ńdíìsì, ìyẹn ẹ̀ka tín-ín-rín tó so mọ́ ìbẹ̀rẹ̀ ìfun ńlá, bá ti bẹ́ kí wọ́n tó gé e, bakitéríà inú ìgbẹ́ á tú sínú ikùn, díẹ̀ sì lè ṣẹ́kù sí ìsàlẹ̀ ikùn tàbí sábẹ́ ẹ̀dọ̀. Ara fúnra rẹ̀ á mọ odi yí wọn ká, kí wọ́n má baà tàn kálẹ̀. Odi yìí ń gba ẹ̀mí là, ṣùgbọ́n òun náà ló ń dí oògùn lọ́nà, nítorí ẹ̀jẹ̀ ló ń gbé oògùn kiri, kò sì sí iṣan ẹ̀jẹ̀ nínú ọyún. Atẹ́gùn kò tó níbẹ̀, bakitéríà ibẹ̀ kì í sì í yára bí sí i, bẹ́ẹ̀ ìgbà tí wọ́n bá ń bí sí i ni ọ̀pọ̀ oògùn ń rí wọn pa. Bí ọyún náà bá ti pọ̀, àfi kí dókítà fà á jáde. Ní ọjọ́ 24 oṣù kẹfà 1902, Frederick Treves fa ọyún àpẹ́ńdíìsì Ọba Edward Keje ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì jáde láì gé àpẹ́ńdíìsì náà. Wọ́n dé ọba ládé ní oṣù kẹjọ, ọdún 26 kí ayé tó mọ pẹnisílíìnì.

Ohun tó ń fi àìsàn yìí pamọ́ ní Ìlọrin ni pé ara gbígbóná sábà máa ń dé ní nǹkan bí ọ̀sẹ̀ kan lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ, nígbà tí aláìsàn ti padà sílé. Ibà tàbí táífọ́ọ̀dù ni ará ilé á kọ́kọ́ pè é. Oògùn kẹ́míìsì á mú ara rọ̀ díẹ̀, ooru á tún gùn ún ní àṣálẹ́. Bí ọyún bá wà ní ìsàlẹ̀ ikùn, aláìsàn á máa yàgbẹ́ oníkun díẹ̀díẹ̀, lemọ́lemọ́.

Ìwádìí kan ní Netherlands, tí The Lancet tẹ̀ jáde ní 2023, fi hàn pé lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ àpẹ́ńdíìsì tó ti bàjẹ́ gan-an, oògùn ọjọ́ méjì kò burú ju ti ọjọ́ márùn-ún lọ ní ti àkóràn, ṣùgbọ́n 12 nínú 100 àwọn ọlọ́jọ́ méjì ni wọ́n tún dá padà sí ilé ìwòsàn, nígbà tí ti àwọn yòókù jẹ́ 6. Ó jọ pé ibẹ̀ ló gba ìṣọ́ra, nítorí ẹni tó ti ọ̀nà jíjìn bíi Bàrútẹ́ẹ̀n wá sí Ilé Ìwòsàn Ìkọ́ni Yunifásítì Ìlọrin ní Òkè-Ọ̀yì kò lè tètè padà bí ará Netherlands; irú aláìsàn bẹ́ẹ̀ yẹ kó gba ọjọ́ ìpadàbọ̀ tí wọ́n kọ sílẹ̀, àti nọ́ńbà fóònù tí nọ́ọ̀sì kan yóò gbé lóru.