Ta ni yóò di orógùn mú ní Sábó?

Ní Ítálì, oúnjẹ sísè pẹ̀lú àlejò ti di iṣẹ́ tó ń bọ́ ìdílé. Arìnrìn-àjò yóò sanwó, yóò wọ ilé ìdáná ìyá àgbà kan tí kò mọ̀ rí, yóò po ẹyin mọ́ ìyẹ̀fun, yóò fi igi gbọọrọ tẹ́ ẹ títí yóò fi fẹ́lẹ́, yóò gé e tẹ́ẹ́rẹ́-tẹ́ẹ́rẹ́, yóò sè é, yóò sì jókòó jẹ ohun tí ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe. Bí wákàtí mẹ́ta bá ti kọjá, ẹ̀kọ́ parí. Láàárín àwa tí a fẹ́ràn oúnjẹ ilẹ̀ wa, ìbéèrè kan kì í pẹ́ jáde: kí ló dé tí Ọ̀yọ́ àti Ògbómọ̀ṣọ́ kò ní irú rẹ̀? Bí ọ̀rọ̀ bá sì kan ibi tó ti lè bẹ̀rẹ̀, Sábó, àdúgbò àwọn Háúsá, ni wọ́n máa ń dárúkọ.

Mo gbà pé Sábó ni. Ohun tí n kò gbà ni bí àwọn tó ń gbèrò rẹ̀ ṣe sábà máa ń tò ó: ẹni tó gboyè nínú ìmọ̀ oúnjẹ yóò dúró níwájú, yóò máa ṣàlàyé, obìnrin tó ń dáná ní Sábó láti kékeré yóò wà lẹ́yìn, yóò máa pọnmi.

Sábó kò ṣẹ̀ṣẹ̀ nílò kí ẹnikẹ́ni wá dá ilé-ẹ̀kọ́ oúnjẹ sílẹ̀ fún un. Ó ti ń kọ́ àlejò tipẹ́, kò kàn gbé pátákó síta ni. Láti 1973 tí ètò àgùnbánirọ̀ ti bẹ̀rẹ̀, àti láti 1990 tí wọ́n ti dá yunifásítì LAUTECH sílẹ̀ ní Ògbómọ̀ṣọ́, ni àwọn ọ̀dọ́ láti ibi gbogbo ti ń wá gbé láàárín wa. Ẹni tí wọn kò ro túwó nílé baba rẹ̀ rí yóò gba yàrá nítòsí Hajíyà tó ń tà á. Yóò kọ́kọ́ máa rà á jẹ. Bó pẹ́ títí, yóò máa bá wọn gbé nǹkan wọlé, títí di ọjọ́ tí Hajíyà yóò sọ pé, “Ọmọ mi, gba orógùn yìí kí n yẹ iná wò.” Ẹ̀kọ́ ti bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Kò sẹ́ni tó pè é ní kíláàsì, kò sì sẹ́ni tó gbowó rẹ̀.

Àwọn tiwa náà ti kọ́ irú ẹ̀kọ́ yìí lóko àjò. Nígbà tí ìjọba Busia pàṣẹ ní oṣù kọkànlá ọdún 1969 pé kí àjòjì tí kò ní ìwé ìgbélùú kúrò ní Gánà, ọ̀pọ̀ oníṣòwò ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ wà lára àwọn tó palẹ̀ ẹrù mọ́. Ní Tamale àti àwọn ọjà ìhà àríwá Gánà ni ọ̀pọ̀ wọn ti ń tajà. Sọ́ńgò ni wọ́n ń pe àdúgbò àjòjì níbẹ̀, a kàn lè sọ pé Sábó ni. Ìyá tó bá ti tọ́mọ níbẹ̀ ti mọ bí wọ́n ṣe ń ro túwó wọn àti bí wọ́n ṣe ń se wákyé, ìrẹsì tí wọ́n sè pọ̀ mọ́ ẹ̀wà. Ta ló kọ́ ọ? Aládùúgbò rẹ̀ ni.

Nítorí náà, ìbéèrè pé ṣé a lè kọ́ àlejò ní oúnjẹ ti ní èsì. Ohun tí a ń jiyàn lé lórí ni ohun tó máa ń yí padà nígbà tí owó àti aago bá wọ̀ ọ́.

Ti aago ni ọ̀pọ̀ ń pariwo. Àwọn tó fọdún sin ọ̀gá kí wọ́n tó ṣe fírídọ́ọ̀mù máa ń bínú sí i pé ẹnì kan yóò fi wákàtí mẹ́ta gba ìwé ẹ̀rí. Àwọn tó fara mọ́ kíláàsì a dá wọn lóhùn pé arìnrìn-àjò kò wá ṣí búkà. Òótọ́ ni, kò wá ṣí búkà. Ṣùgbọ́n èsì yẹn fo ohun tó ṣe pàtàkì jù: apá ibo nínú iṣẹ́ náà ni ọwọ́ akẹ́kọ̀ọ́ kàn?

Ẹ jẹ́ ká mú wáínà, tí àwọn mìíràn ń pè ní máásà. Wọ́n gbọ́dọ̀ rẹ ìrẹsì, wọ́n á se díẹ̀ nínú rẹ̀ mọ́ ọn, wọ́n á lọ̀ ọ́, wọ́n á fi ìwúkàrà sí i, wọ́n á sì fi í sílẹ̀ kó wú. Ẹni tó bá dé ní aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ yóò bá a nígbà tó ti wú tán. Yóò bu ú sínú agbada amọ̀ olójú kéékèèké, yóò yí i, wọn yóò ya fọ́tò rẹ̀. Ohun tó kọ́ ni bí a ṣe ń bu nǹkan sínú agbada. Bí ìrẹsì ṣe yẹ kó rí lọ́wọ́ kó tó dé ẹ̀rọ, òórùn tó fi hàn pé ó ti wú tó àti èyí tó fi hàn pé ó ti kan jù, òun gan-an ni iṣẹ́, òun ni ẹnikẹ́ni kò sì fi hàn án.

Súyà tún le jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ọmọ tó wá kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ mẹ́súyà kì í tètè fọwọ́ kan ọ̀bẹ. Igi ni yóò kọ́kọ́ máa là, kúlíkúlí ni yóò máa gún pọ̀ mọ́ ata àti atalẹ̀ fún yàjì, yóò sì mọ bí wọ́n ṣe ń to èédú kí ẹran má bàa jó níta kó sì tutù nínú. Ọ̀bẹ ló ń gbẹ̀yìn, nítorí pé ẹran súyà gbọ́dọ̀ fẹ́lẹ́ láìfà ya. Bí a bá ṣe kíláàsì súyà fún wákàtí mẹ́ta, ẹran tí ẹlòmíràn ti gé ni àlejò yóò máa wọ́n yàjì sí.

Àmàlà nìkan ló dà bíi pé ó bá aago mu. Omi hó, èlùbọ́ wọlé, orógùn tẹ̀ lé e, kò sì pẹ́ rárá kó tó délẹ̀. Kò sí ibi tí àlejò lè sá sí: bí apá rẹ̀ kò bá le, kókó yóò wà níbẹ̀, gbogbo ilé yóò sì rí i. Mo fẹ́ràn kí ẹ̀kọ́ rí bẹ́ẹ̀. Síbẹ̀, iṣu tí wọ́n bó, tí wọ́n bọ̀ lómi gbígbóná, tí wọ́n sá sóòrùn fún ọjọ́ pípẹ́, ti kọjá lọ́wọ́ ẹlòmíràn kó tó di èlùbọ́. Ẹni tó mọ̀ bẹ́ẹ̀ yóò wí fún àlejò. Ẹni tó ń ta ìran nìkan kò ní wí.

Ọ̀rọ̀ kejì ni ti “ìbílẹ̀ gidi.” Mo máa ń ṣọ́ra fún ẹni tó bá ń pariwo rẹ̀, nítorí pé ọjà ló sábà máa ń fẹ́ tà. Ní Bologna ní Ítálì, wọ́n fi ìwọ̀n tagliatelle, ìyẹ̀fun tí wọ́n gé tẹ́ẹ́rẹ́-tẹ́ẹ́rẹ́ yẹn, sílẹ̀ lọ́dọ̀ ẹgbẹ́ àwọn oníṣòwò ìlú ní 1972: mílímítà 8 ní ìbú lẹ́yìn tó bá ti jinná. Àwọn ìyá àgbà ti ń gé e fún ọ̀pọ̀ ìran láìsí rúlà kankan. Tòmátò tí gbogbo ayé mọ̀ mọ́ oúnjẹ Ítálì, láti Amẹ́ríkà ni wọ́n ti gbé e wá. Tiwa náà ńkọ́? Ata gba ojú òkun wá láti Amẹ́ríkà. Àgbàdo, ẹ̀gẹ́ àti ẹ̀pà náà gba ibẹ̀ wá. Láfún tí àwọn èèyàn wa ń fọ́nnu lé lórí kò lè dàgbà ju ẹ̀gẹ́ lọ. Bí a bá yọ ẹ̀pà àti ata kúrò nínú yàjì, kí ló ṣẹ́ kù fún mẹ́súyà? Oúnjẹ Sábó dára nítorí pé ọwọ́ púpọ̀ ló ti kàn án: wàrà tí àwọn Fúlàní fi ewé bómubómu mú dì, lúrú tí Háúsá ń pè ní kúká, ẹ̀kọ tiwa lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Kíláàsì tó bá wá ń ya ti ẹnì kan sọ́tọ̀ kúrò lára ti ẹnì kejì, tó sì ń pè é ní ojúlówó, yóò parọ́ fún àlejò nípa ibi tó dúró sí.

Ṣùgbọ́n èyí tó gbà mí lọ́kàn jù ni ọ̀rọ̀ ilé. Ohun tí àwọn ará Ítálì ń tà gan-an ni ẹnu ọ̀nà. Àlejò ń sanwó kó lè wọ ilé onílé, kó rí ṣíbí tí ìyá náà fi ń rokà ní tirẹ̀, kó rí fọ́tò àwọn ọmọ rẹ̀ lára ògiri. Ní Sábó, ilé ni ibi tí owó kì í ṣí. Abner Cohen ṣèwádìí ní Sábó Ìbàdàn ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1960, ìwé rẹ̀ sì jáde ní 1969. Ó ṣàlàyé bí àwọn ìyàwó ilé tó wà nínú ẹ̀hà ṣe ń dáná tà láti inú ilé, tí àwọn ọmọ kéékèèké sì ń gbé e jáde. Títí di òní, ọ̀pọ̀ nínú oúnjẹ tó dára jù ní àdúgbò bẹ́ẹ̀ ń ti ẹ̀yìn aṣọ tí wọ́n ta sẹ́nu ọ̀nà wá. Ọkùnrin àlejò kò ní wọ ibẹ̀, ìbáà gbé àpò owó dání.

Àwọn kan rò pé ìdíwọ́ nìyẹn, pé kí a kọ́ gbọ̀ngàn sí ẹ̀bá títì kí wọ́n gbé ìkòkò jáde. Èmi kò rò bẹ́ẹ̀. Obìnrin tó wà nínú ilé rẹ̀ ló ni àkóso iná rẹ̀: ó mọ ìgbà tí yóò dá a, ó mọ ẹni tí yóò jẹ́ kó wọlé. Bí ẹ bá gbé e lọ sí gbọ̀ngàn, ó di òṣìṣẹ́ ẹni tó ni gbọ̀ngàn. Bí àlejò tó jẹ́ obìnrin bá wọlé tọ̀ ọ́ ní àkókò tí òun fúnra rẹ̀ yàn, tí ọkùnrin sì lọ kọ́ ti mẹ́súyà níta, kò sí ohun tí ẹ̀kọ́ pàdánù. Ètò ìrìn-àjò nìkan ló pàdánù ìrọ̀rùn.

Ọ̀rọ̀ ta ló ni ìmọ̀ oúnjẹ kì í ṣe tuntun. Pellegrino Artusi tẹ ìwé oúnjẹ rẹ̀ jáde ní Florence ní 1891, òun ni gbogbo ayé sì mọ̀. Ṣùgbọ́n Marietta Sabatini àti Francesco Ruffilli ló ń dáná nílé rẹ̀, tí wọ́n ń sè, tí wọ́n ń dán an wò. Nígbà tó kú ní 1911, àwọn méjèèjì ló fi ẹ̀tọ́ owó ìwé náà sílẹ̀ fún. Ilé oúnjẹ tí wọ́n ṣí ní ìrántí rẹ̀ ní Forlimpopoli ní 2007 ń pe àwọn obìnrin tó ń kọ́ àlejò níbẹ̀ ní Mariette, orúkọ obìnrin náà. Ní tiwa, ilé ìtàwé C.M.S. ní Èkó tẹ Kudeti Book of Yoruba Cookery jáde ní 1934, tí Mars àti Tooleyo kọ. Iṣẹ́ ńlá ni wọ́n ṣe, mo sì fẹ́ kí irú rẹ̀ pọ̀ sí i. Àmọ́ ìwé kò lè sọ ìgbà tí ọwọ́ yóò mọ̀ pé ó tó, ẹni tó sì mọ̀ ọ́n kì í sábà gba kọ́bọ̀ lórí ohun tí wọ́n fi ẹnu rẹ̀ kọ.

Bí Ọ̀yọ́ tàbí Ògbómọ̀ṣọ́ bá fẹ́ gbìyànjú rẹ̀, ọjọ́ méjì ni ẹ̀kọ́ wáínà yẹ kó gbà. Kí àlejò dé lọ́sàn-án ọjọ́ kìíní, kó ṣa òkúta inú ìrẹsì, kó rẹ ẹ́, kó bá wọn gbé e lọ sọ́dọ̀ ọlọ́lọ̀, kó lọ sùn, kó sì padà wá ní ìdájí kó gbóòórùn rẹ̀. Hajíyà ni yóò dá iye tí yóò gbà, òun ni yóò sọ ọjọ́ tí kò ní gba ẹnikẹ́ni, owó rẹ̀ yóò sì ti wà lọ́wọ́ rẹ̀ kí ìrẹsì tó kan omi.