Ẹlẹ́dẹ̀, Èédú àti Àgbàrá ní Ilẹ̀ Háítì

Ní ọdún 1979 ni àrùn ẹlẹ́dẹ̀ kan tí kò ní oògùn dé ilẹ̀ Háítì, láti Dòmíníkánì tí wọ́n jọ wà ní erékùṣù kan náà. Kí ó má baà tàn dé Amẹ́ríkà, a pàṣẹ pé kí a pa gbogbo ẹlẹ́dẹ̀ Háítì. Ní 1982 àti 1983 ni a sì ṣe é.

Àwọn ẹlẹ́dẹ̀ dúdú kékeré náà ni kóló àgbẹ̀. Èèpo àti èso tí ó já sílẹ̀ ni wọ́n ń jẹ; bí owó ilé-ìwé bá dé, tàbí bí òkú bá ṣẹlẹ̀, a ó ta ọ̀kan. Àwọn ẹlẹ́dẹ̀ ńlá tí a kó wá láti Amẹ́ríkà dípò wọn ń fẹ́ oúnjẹ tí a fi owó rà àti ilé oní-símẹ́ńtì, èyí tí ọ̀pọ̀ àgbẹ̀ kò ní fún ara rẹ̀. Àwọn ènìyàn fi wọ́n ṣe ẹ̀fẹ̀, wọ́n ń pè wọ́n ní ọmọ ọba ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́rin.

Nígbà tí kóló ti fọ́, kí ni ó kù láti tà ní ọjọ́ ìpọ́njú? Igi ni. Láti ayé oko ẹrú àwọn Faransé ni a ti ń pa igbó ilẹ̀ náà run, ṣùgbọ́n nísinsìnyí ọ̀pọ̀ àgbẹ̀ kò ní ohun mìíràn. Èédú kì í kùtà, nítorí òun ni ọ̀pọ̀ ilé ní Port-au-Prince fi ń dáná. Ẹni tí ó bá pe irú àgbẹ̀ bẹ́ẹ̀ ní òpè kò ṣe òdodo: ó mọ iye igi, ṣùgbọ́n ebi kì í dúró de gbòǹgbò.

Lórí òkè gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ ni púpọ̀ nínú oko wọn wà. Bí igi bá ti kúrò, àgbàrá a gbá ilẹ̀ ọlọ́ràá lọ sínú òkun, a ku òkúta. Àgbàdo a ràn, àgbẹ̀ tí kò sì rí nǹkan kórè a tún gbé àáké.

Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2004, òjò ìjì líle tí a pè ní Jeanne rọ̀ sórí àwọn òkè pípá tí ó yí ìlú Gonaïves ká. Omi àti ẹrẹ̀ ya wọ ìlú. Àwọn tí ó kú ní Háítì tó nǹkan bí 3,000. Ní Dòmíníkánì, tí ìjì kan náà là kọjá, wọn kò tó 30. Níbẹ̀, igbó ṣì kù lórí ọ̀pọ̀ òkè, nítorí ìjọba ti mú kí gáàsì ìdáná dínwó, kí ènìyàn lè fi èédú sílẹ̀.

Síbẹ̀ igi máńgòrò ṣì dúró ní ọ̀pọ̀ àgbàlá Háítì, nítorí ọmọ ilé ń jẹ èso rẹ̀, a sì ń tà á títí dé Amẹ́ríkà. Òun ni àgbẹ̀ ń gé kẹ́yìn, bí àìsàn bá wọlé tí owó kò sí.