Ìdánilẹ́kọ̀ọ́ Orí Òkè: Bí Ara àti Ọpọlọ Ṣe Ń Kọ́ Ìfaradà

Ní ọdún 1941 ni Kurt Hahn àti Lawrence Holt dá ilé ẹ̀kọ́ Outward Bound sílẹ̀ ní Aberdovey, ní Wales, láti fi òkun àti òkè kọ́ àwọn ọ̀dọ́ ní ìfaradà. Irú ẹ̀kọ́ bẹ́ẹ̀ wà ní Nàìjíríà pẹ̀lú, ní Shere Hills, lẹ́bàá ìlú Jos.

Ara kì í gba ìnira mọ́ra lọ́jọ́ kan. Bí ènìyàn bá ń ṣe eré ìdárayá díẹ̀díẹ̀ nínú ooru fún bí ọjọ́ 7 sí 14, omi inú ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ yóò pọ̀ sí i, òógùn yóò sì tètè máa jáde láti tu ara lára. Bákan náà ni ọpọlọ: ẹni tí ó gun àpáta pẹ̀lú okùn lára yóò kọ́ pé ìpayà a máa rọlẹ̀ bí ènìyàn bá ní sùúrù.

Ṣùgbọ́n àṣejù, baba àṣetẹ́ ni. Bí akẹ́kọ̀ọ́ bá ń sọ ìsọkúsọ, tàbí tí ẹsẹ̀ rẹ̀ kò ranlẹ̀ mọ́ nínú ooru, kì í ṣe ọ̀lẹ. Ẹ̀mí rẹ̀ wà nínú ewu. Ẹ gbé e sí ibòji, kí ẹ sì da omi tútù sí i lára lójú ẹsẹ̀, bí ẹ ti ń ránṣẹ́ pe àwọn elétò ìlera.