Máàpù tí Ó Ń Yí Ara Rẹ̀ Padà: Ọ̀yọ́ Wo ni Olùkọ́ Ń Tọ́ka Sí?

Nínú ìtàn àròsọ àwọn òyìnbó, máàpù a máa ṣe bí ohun ẹlẹ́mìí. Nínú The Hobbit, ìwé tí J. R. R. Tolkien gbé jáde ní ọdún 1937, àwọn lẹ́tà kan wà lára máàpù tí ojú kò lè rí àfi lábẹ́ ìmọ́lẹ̀ òṣùpá. Nínú ọ̀kan lára àwọn ìwé J. K. Rowling, èyí tí ó jáde ní ọdún 1999, máàpù kan ń fi ipa ẹsẹ̀ àwọn ènìyàn hàn bí wọ́n ti ń rìn kiri. Èyí máa ń ya akẹ́kọ̀ọ́ lẹ́nu. Ṣùgbọ́n olùkọ́ tí ó wà ní Ọ̀yọ́ tàbí ní Ògbómọ̀ṣọ́ kò ní láti lọ jìnnà kí ó tó rí máàpù tí kì í dúró lójú kan. Orúkọ Ọ̀yọ́ fúnra rẹ̀ ti rìn láti ibì kan dé ibòmíràn.

Ìtàn tí Samuel Johnson kọ sínú The History of the Yorubas, ìwé tí a tẹ̀ jáde ní ọdún 1921, sọ pé àwọn Tápà lé Aláàfin kúrò ní Ọ̀yọ́-Ilé ní ayé àtijọ́, tí ààfin sì wá fìdí kalẹ̀ sí Ìgbòho. Nígbà tí Aláàfin Abípa fẹ́ padà sí Ọ̀yọ́-Ilé, àwọn ìjòyè tí ilé àti oko wọn ti wà ní Ìgbòho kò fẹ́. Wọ́n rán àwọn abuké, àwọn àfín àti àwọn aláàbọ̀ ara mìíràn lọ sí ahoro náà kí wọ́n máa ṣe bí ọ̀rọ̀, kí wọ́n sì máa ké pé kò sí àyè níbẹ̀ mọ́. Ọba rán àwọn ọdẹ, wọ́n sì mú àwọn “ọ̀rọ̀” náà. Ìdí nìyí tí a fi ń pe Abípa ní Ọba Mọ́rọ̀. Idán tí àwọn ìjòyè fẹ́ fi yí máàpù padà kò ju ìpàdí-àpòpọ̀ lọ: ẹni tí kò fẹ́ kí a tẹ ìlú dó sọ ibẹ̀ di ilé iwin.

Ní ọdún 1826, Hugh Clapperton dé Ọ̀yọ́-Ilé, Aláàfin sì gbà á lálejò. Richard Lander tí ó bá a rìn tún padà wá pẹ̀lú John, àbúrò rẹ̀, ní ọdún 1830. Katunga, orúkọ tí àwọn Haúsá ń pè é, ni wọ́n kọ sínú ìwé wọn. Kò pé ọdún mẹ́wàá lẹ́yìn náà tí ogun Ìlọrin àti ìjà abẹ́lé sọ ìlú náà di ahoro, tí Aláàfin Olúewu sì kú sójú ogun. Àtìbà, ọmọ Aláàfin Abíọ́dún, ni ó jọba lẹ́yìn rẹ̀. Àgọ́ Ọjà ni ó fi ṣe ibùjókòó, níbi tí ó ju 100 kìlómítà lọ sí ìhà gúúsù. Ó tún oyè àwọn Ọ̀yọ́ Mèsì tò, ó kó àwọn ará ìlú káàkiri wá síbẹ̀, Àgọ́ Ọjà sì di Ọ̀yọ́.

Ògbómọ̀ṣọ́ kò ṣí kúrò ní tirẹ̀, àwọn ènìyàn ni ó ṣí wá bá a. Ogun kò kó o, nítorí náà ó di ibi ìsádi fún àwọn tí ìlú wọn ti fọ́. Títí di òní, ẹni tí a bí sí Ògbómọ̀ṣọ́ lè máa gbọ́ oríkì Ìkòyí tàbí ti Ìrẹsà gẹ́gẹ́ bí oríkì orílẹ̀ rẹ̀. Ìwé máàpù a máa pa ibi tí a ti kúrò rẹ́, oríkì orílẹ̀ kì í pa á rẹ́.

Ìjọba náà ń yí máàpù padà. Ní ọdún 1976, a dá Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ sílẹ̀ láti ara Ìpínlẹ̀ Ìwọ̀-Oòrùn àtijọ́. Òṣogbo, Iléṣà àti Ilé-Ifẹ̀ wà nínú rẹ̀ títí di ọdún 1991 tí a dá Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun sílẹ̀.

Ewu tí ó wà níbẹ̀ kò kéré. Akẹ́kọ̀ọ́ tí kò mọ ìyàtọ̀ yóò kọ ọ́ pé ààfin tí ó ń kọjá lójoojúmọ́ ni Clapperton wọ̀. Yóò ka “Ọ̀yọ́” nínú ìwé ọdún 1980, yóò sì rò pé Iléṣà kò sí lára rẹ̀. Ohun tí ó burú jù ni pé yóò rò pé Ọ̀yọ́-Ilé, tí ahoro rẹ̀ wà nínú ọgbà ìjọba tí a ti ń dáàbò bo ẹranko ní àríwá ìpínlẹ̀ náà, jẹ́ ìlú àlọ́ bí Òkè Láńgbòdó inú ìwé Fágúnwà.

Nítorí náà, kí olùkọ́ tó na ọ̀pá sí máàpù, ó yẹ kí ó kọ́ àwọn ọmọ láti bi í ní ìbéèrè mẹ́ta: Ọdún wo ni a ya á? Ta ni ó yà á? Ta ni ó ń gbé ibẹ̀ nígbà náà? Ọmọ tí ó bá lè dáhùn wọn yóò mọ̀ pé kì í ṣe oògùn ni ó ń yí máàpù padà. Ogun, ọba, ìjọba àti ẹsẹ̀ àwọn tí ó ń sá àsálà ni.