Ẹni Tó Jókòó ní Ìdí Ọkọ̀

Ní etí omi wa ní Ìlàjẹ, láti Ìgbọ́kọ̀dá títí dé Ayétòrò níbi tí ilẹ̀ ti parí sí ẹnu òkun, kò sí ọmọ tí kò mọ̀ pé bí ọkọ̀ bá ń gúnlẹ̀ bọ̀, ẹni tó dúró níwájú ni ojú ará èbúté kọ́kọ́ ń rí, ṣùgbọ́n ẹni tó jókòó ní ìdí ọkọ̀, tó ki àjẹ̀ bọ omi, tí kò sì fọhùn, òun ló mọ ibi tí ọkọ̀ ń lọ. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ ni àwọn onímọ̀ eré oníṣe ń pè ní amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ olú ẹ̀dá-ìtàn, àti pé nínú gbogbo àwọn tó ti ṣe iṣẹ́ náà ní ilẹ̀ Káàárọ̀-oò-jíire, kò sí ẹni tí ọkàn mi yàn ju Bàbá Peter Fátómilọ́lá lọ.

Ìfisìn-Èkìtì ni wọ́n ti wá, ọjọ́ 16 oṣù Ṣẹ́rẹ́ ọdún 1946 ni a sì bí wọn. Orúkọ ìdílé wọn ti sọ̀rọ̀ kí wọ́n tó bọ́ sórí ìtàgé: Ifá tó mi lọ́lá. Nígbà tí Yunifásítì Ifẹ̀ dá ibùdó Ori Olokun sílẹ̀ ní 1968, láàrin ìlú Ilé-Ifẹ̀ gan-an, kí eré má bàa há mọ́ ọgbà àwọn ọ̀mọ̀wé, Ola Rotimi ló kó àwọn òṣèré ibẹ̀ jọ, abẹ́ ọwọ́ rẹ̀ sì ni Fátómilọ́lá ti kọ́ bí a ṣe ń gbé ohùn, bí a ṣe ń rìn, àti bí a ṣe ń dákẹ́.

Ní 1984, nígbà tí Wale Adenuga mú ìtàn inú ìwé aláwòrán rẹ̀, Ikebe Super, jáde bí fíìmù, Fátómilọ́lá ni Papa Ajasco àkọ́kọ́, àgbàlagbà apárí tí ojú rẹ̀ kì í kúrò lára obìnrin. Ipò iwájú nìyẹn, wọ́n sì ṣe é tẹ̀rín-tẹ̀rín. Lẹ́yìn náà ni Abiodun Ayoyinka gba ipò náà lórí tẹlifíṣàn, tí orúkọ sì mọ́ ọn lára.

Àmọ́ fíìmù Ṣaworoidẹ ni mo fẹ́ bá yín sọ̀rọ̀ lé lórí. Akínwùmí Ìṣọ̀lá ló kọ ìtàn rẹ̀, Túndé Kèlání ló gbé e jáde ní 1999. Kọ́lá Oyèwọ̀ ni Lápité, ọba Jogbo tó kọ̀ láti sín gbẹ́rẹ́ tó so adé mọ́ ìlù, nítorí ó fẹ́ fi ìlú ṣe ìjẹ. Fátómilọ́lá ni Amáwomárò, babaláwo tó mọ àdéhùn adé àti ìlù náà láti ìpìlẹ̀. Kò jágbe, kò ju apá, àmọ́ bó bá ti gbé ojú sókè, a mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ti kọjá ti ọba. Mo rántí alẹ́ kan ní Ìgbọ́kọ̀dá, tí a pé jọ sí iwájú tẹlifíṣàn, tí ẹ̀rọ amúnáwá ń hó lẹ́yìnkùlé, tí bàbá apẹja kan tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ojú omi dé, tí àwọ̀n rẹ̀ ṣì tutù, fi ọwọ́ lé ẹnu, tó ní, “Ẹ̀yin ọmọ, awo lèyí o, ẹ má pè é ní òṣèré.” Èmi kò tíì gbọ́ oríyìn tó ju ìyẹn lọ. Nígbà tí fíìmù Agogo Èèwọ̀ sì tẹ̀ lé Ṣaworoidẹ ní 2002, Amáwomárò tún padà wá.

Igi kan kì í dá igbó ṣe, èèyàn kan kì í jẹ́ àwá dé. Nígbà tí Dúró Ládiípọ̀ kó eré rẹ̀, Ọba Kò So, lọ sí Berlin, ní ilẹ̀ Jámánì, ní 1964, òun ni Ṣàngó, ṣùgbọ́n láìsí àwọn jagunjagun rẹ̀, Tìmì àti Gbọ̀ọ́nkà, ta ni Ṣàngó ìbá rán níṣẹ́, ta ni ìbá sì ba ọkàn rẹ̀ jẹ́? Àwọn ará Amẹ́ríkà mọ èyí. Láti orí fíìmù ọdún 1936 ni wọ́n ti ń fún àwọn amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ ní ẹ̀bùn Oscar tiwọn. Ó dùn mí pé lọ́dọ̀ tiwa, orúkọ ọba inú fíìmù nìkan ni àwọn ọmọ wa ń há sórí.

Nítorí náà, ẹ̀yin òbí Ìlàjẹ àti gbogbo ọmọ Yorùbá, bí ẹ bá tún gbé Ṣaworoidẹ sí iwájú àwọn ọmọ yín, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dá a dúró díẹ̀ níbi tí Amáwomárò ti gbé ojú sókè, kí ẹ sì sọ orúkọ ẹni náà fún wọn: Peter Fátómilọ́lá, ọmọ Ìfisìn-Èkìtì.