Ìtàn Ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ Kan àti Orísun Rẹ̀

Bí kò bá nídìí, obìnrin kì í jẹ́ Kúmólú. Bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni ìtàn ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ rí. Wo Murder on the Orient Express, ìwé tí Agatha Christie, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, kọ jáde ní 1934. Òjò yìnyín dá ọkọ̀ ojú irin tí ó ti Istanbul wá dúró ní Yugoslavia ìgbà náà. Ilẹ̀ mọ́, wọ́n bá òkú ọkùnrin olówó kan nínú yàrá rẹ̀. Kò sí ọlọ́pàá nítòsí, apànìyàn kò sì lè sá lọ.

Ọkọ̀ yìí wà ní tòótọ́. Ní 1929, yìnyín há a mọ́ ilẹ̀ Tọ́kì fún ọjọ́ díẹ̀. Òǹkọ̀wé fúnra rẹ̀ wọ̀ ọ́. Ní 1931, àgbàrá òjò dá a dúró lọ́nà.

Ìpànìyàn náà pẹ̀lú ní orísun. Ní 1932, gbọ́mọgbọ́mọ jí ọmọ Charles Lindbergh, gbajúmọ̀ awakọ̀ òfuurufú Amẹ́ríkà. Bàbá san owó, ṣùgbọ́n òkú ọmọ ni wọ́n rí. Nígbà tí ìwé yìí jáde, ọwọ́ kò tí ì tẹ ọ̀daràn náà. Christie wá sọ olówó inú ìtàn rẹ̀ di gbọ́mọgbọ́mọ tí ó bọ́ lọ́wọ́ òfin. Ìbéèrè rẹ̀ ni pé: bí ilé ẹjọ́ bá kùnà, ta ni ó lẹ́tọ̀ọ́ láti dájọ́?

Nítorí náà, bí o bá ń ṣàlàyé ìwé nínú ìdánwò, má ṣe tún ìtàn sọ lásán. Sọ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní tòótọ́, ohun tí òǹkọ̀wé yí padà, àti ìdí rẹ̀.