Ọlọ Inú Ẹ̀rọ

Ẹni tó bá ti jẹ àkàrà tí wọ́n fi ọlọ lọ ẹ̀wà rẹ̀ rí, kò nílò àlàyé. Ẹ̀wà náà á ti wà lómi, wọ́n á ti bó èèpo rẹ̀, ìyá àgbà á kúnlẹ̀ níwájú òkúta, á máa fi ọmọ ọlọ tì í lọ, á máa fà á bọ̀, títí yóò fi kúnná. Bó bá dé inú epo gbígbóná, á wú, inú rẹ̀ á rọ̀ bí òwú. Èyí tí blẹ́ńdà lọ̀ kì í sábà rí bẹ́ẹ̀.

Nígbà tí iná mànàmáná dé, ńṣe ni àwa gbé ọlọ sí ẹ̀yìnkùlé. Ata wa ń lọ sọ́dọ̀ ẹlẹ́rọ lọ́jà, blẹ́ńdà sì gba ilé ìdáná. Ní ìlú Coimbatore, ní ìpínlẹ̀ Tamil Nadu ní gúúsù Íńdíà, ọ̀nà mìíràn ni wọ́n gbà. Wọ́n gbé òkúta náà sínú ẹ̀rọ.

Irú ọlọ méjì ni wọ́n ní. Bí ẹ bá gbé èyí tí wọ́n ń pè ní ammi sí ilé ìdáná kan ní Ọ̀yọ́, kò sẹ́ni tí yóò bèèrè ohun tí wọ́n ń fi í ṣe: òkúta pẹrẹsẹ àti ọmọ rẹ̀ ni. Èkejì, attukkal, jẹ́ òkúta ńlá tí wọ́n dá ihò sí láàárín. Òkúta mìíràn á dúró nínú ihò náà, obìnrin á jókòó tì í, á máa fi ọwọ́ yí i. Inú rẹ̀ ni wọ́n ti ń lọ ìrẹsì àti ulundu, ẹ̀wà kékeré kan tí èèpo rẹ̀ dúdú, tí inú rẹ̀ funfun. Wọ́n á kọ́kọ́ rẹ ẹ́ sómi. Bí wọ́n bá lọ̀ ọ́ tán, wọ́n á fi í sílẹ̀ mọ́jú kó lè kan, bíi ti ògì. Láàárọ̀, èyí tí wọ́n bá fi ooru omi sè ni idli, ó jọ mọ́ínmọ́ín funfun. Èyí tí wọ́n bá tẹ́ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ sórí irin gbígbóná ni dosa. Oúnjẹ ojoojúmọ́ ni. Ẹ wo apá obìnrin tó ń yí òkúta yẹn láti ìgbà èwe rẹ̀ dé ọjọ́ ogbó!

Lọ́dún 1955, P. Sabapathy, ará Coimbatore, gbé iṣẹ́ náà fún iná mànàmáná, kò sì fi abẹ rọ́pò òkúta. Nínú ẹ̀rọ náà bó ṣe wà lónìí, òkúta akọ ló wà nínú àgbá, iná ń yí àgbá náà, òkúta ń yí lórí òkúta. Eré tí abẹ blẹ́ńdà ń sá máa ń mú kí ohun tí à ń lọ̀ gbóná. Òkúta ní tirẹ̀ ń rìn jẹ́jẹ́, kì í mú ẹ̀wà gbóná tó bẹ́ẹ̀, ó sì ń kó afẹ́fẹ́ sínú rẹ̀. Afẹ́fẹ́ yìí kan náà ni ìyá àgbà ń wá nígbà tó bá ń lu ẹ̀wà àkàrà nínú abọ́.

Kì í ṣe Coimbatore nìkan ló ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀. Ní ìlú Mumbai, ní Íńdíà kan náà, ẹ̀rọ ilẹ̀ Jámánì tí ìyàwó Satya Prakash Mathur ń lò bàjẹ́, nítorí kò lè gbé irú lílọ̀ tí ọbẹ̀ Íńdíà ń fẹ́. Ẹnjiníà ni ọkọ rẹ̀. Ní 1963, ó dá ilé iṣẹ́ sílẹ̀, ó ṣe èyí tí ẹ́ńjìnnì rẹ̀ lágbára, ó pè é ní Sumeet. Irú ẹ̀rọ yẹn ni wọ́n ń pè ní mixie níbẹ̀.

Ní nǹkan bí ọdún 2006, ìjọba Íńdíà fi òfin so orúkọ Coimbatore mọ́ ọlọ oníná yìí, kí ará ibòmíràn má bàa fi orúkọ ìlú náà ta tirẹ̀. Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2011, Jayalalithaa, olórí ìjọba Tamil Nadu, bẹ̀rẹ̀ sí í pín in fún àwọn obìnrin lọ́fẹ̀ẹ́, pẹ̀lú mixie àti fáànù. Ìlérí ìbò ni. Ẹgbẹ́ tó ṣèjọba ṣáájú rẹ̀ ti fi tẹlifíṣọ̀n aláwọ̀ ṣe tiwọn ní 2006. Àwọn olóṣèlú tiwa náà ń pín ẹ̀rọ ìlọta. Ṣùgbọ́n ní Tamil Nadu, ohun tí wọ́n pín jẹ́ èyí tí ìpínlẹ̀ wọn fúnra rẹ̀ bí, láti inú ilé ìdáná wọn.

Ìdí tí mo fi ń sọ èyí ni pé kò sí ohun tó wà nínú ọlọ oníná yẹn tí a kò ní. Iná Íńdíà, 230 volt, bá tiwa mu. Òkúta akọ pọ̀ ní Abẹ́òkúta. Ẹ̀yin ọmọ wa tó ń kọ́ iṣẹ́ ẹ̀rọ, mo bẹ̀ yín, ẹ lọ gbé ọlọ ìyá yín wò dáadáa, kó tó di ohun tí a fi ń dá ilẹ̀kùn dúró.